Ilé Kan fún Gbogbo Iṣẹ́: Ìtàn Turbo Pascal

Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ bá yín sọ lónìí jẹ mọ́ irinṣẹ́ kan tí ọjọ́ orí rẹ̀ ti lé ní ogójì ọdún. Kì í ṣe irinṣẹ́ tí alágbẹ̀dẹ rọ, a kò sì lè fi ọwọ́ kàn án. Turbo Pascal ni orúkọ rẹ̀. Àwọn tí ń kọ ètò fún kọ̀ǹpútà láàárín ọdún 1983 sí ọdún 1995 mọ̀ ọ́n bí ẹni mowó. Ṣùgbọ́n kì í ṣe àwọn nìkan ni ọ̀rọ̀ náà kàn. Ó kan ẹnikẹ́ni tí ó bá ti kọ́ṣẹ́ rí, ó sì kan ẹnikẹ́ni tí ó bá ń kọ́ ọmọ níṣẹ́. Ìdí rẹ̀ ni pé ìbéèrè kan ni irinṣẹ́ yìí wá dáhùn: nígbà tí ọmọ ìkọ́ṣẹ́ bá ṣe àṣìṣe, yóò ti pẹ́ tó kí ó tó mọ̀?

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ ṣe àlàyé díẹ̀ fún àwọn tí iṣẹ́ yìí ṣe àjèjì sí. Kọ̀ǹpútà kò gbọ́ èdè ènìyàn. Kìkì nọ́ńbà ni èdè tirẹ̀. Nítorí náà, ẹni tí ó bá fẹ́ rán an níṣẹ́ a máa kọ iṣẹ́ náà sílẹ̀ ní èdè kan tí ó wà láàárín àwọn méjèèjì, èdè tí ènìyàn lè kà, ṣùgbọ́n tí òfin rẹ̀ kò yẹ̀ rárá. Iṣẹ́ tí a kọ sílẹ̀ báyìí ni à ń pè ní ètò. Nígbà tí a bá kọ ọ́ tán, ògbufọ̀ kan gbọ́dọ̀ wà tí yóò tú u sí èdè ẹ̀rọ. Ògbufọ̀ yìí kì í ṣe ènìyàn. Òun pàápàá jẹ́ ètò kan, compiler ni àwọn òyìnbó ń pè é.

Ọ̀kan nínú àwọn èdè àárín wọ̀nyí ni Pascal. Niklaus Wirth, ọ̀jọ̀gbọ́n ọmọ Switzerland tí ó ń kọ́ni ní ìlú Zürich, ni ó ṣẹ̀dá rẹ̀, tí ó sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní ọdún 1970. Ó sọ èdè náà ní orúkọ Blaise Pascal, ọmọ ilẹ̀ Faransé kan tí ó bẹ̀rẹ̀ sí í kan ẹ̀rọ ìṣirò ní ọdún 1642, nígbà tí kò tíì pé ọmọ ogún ọdún, kí ó lè fi ran bàbá rẹ̀ tí ń ṣírò owó orí lọ́wọ́. Ohun tí Wirth ní lọ́kàn ni pé kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní èdè tí ó mọ́, tí ó wà létòlétò, tí a lè fi kọ́ ọmọ láti ronú dáradára. Ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 2024 ni ọ̀jọ̀gbọ́n náà di olóògbé.

Èdè ti wà nìyẹn. Irinṣẹ́ ńkọ́? Ẹ jẹ́ kí a wo bí iṣẹ́ ti rí kí Turbo Pascal tó dé. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1980 sí òkè, kọ̀ǹpútà kékeré tí ènìyàn lè gbé sórí tábìlì nínú yàrá rẹ̀ ti ń tàn kálẹ̀. Ọdún 1981 ni ilé iṣẹ́ IBM gbé tirẹ̀ jáde. Ìrántí inú púpọ̀ nínú àwọn ẹ̀rọ náà kò ju kílóbáìtì 64 lọ. Fóònù ìgbàlódé tí ó wà lápò ọ̀pọ̀ nínú yín báyìí ju èyí lọ ní ìlọ́po tí ó lé ní ẹgbàárùn-ún.

Ẹni tí ó bá fẹ́ kọ ètò lórí irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀ yóò fi dísìkì pẹlẹbẹ kan sí i, yóò pe ètò ìkọ̀wé, yóò kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀, yóò tọ́jú rẹ̀ sórí dísìkì, yóò sì jáde kúrò níbẹ̀. Lẹ́yìn èyí ni yóò pe ògbufọ̀. Nígbà mìíràn, ògbufọ̀ a tóbi tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi jẹ́ pé orí dísìkì mìíràn ni ó wà, kí ó yọ èyí, kí ó fi tọ̀hún sí i. Ògbufọ̀ a ka iṣẹ́ náà lẹ́ẹ̀kan, a tún un kà lẹ́ẹ̀kejì, dísìkì a sì máa kùn. Ètò kẹta tún wà lẹ́yìn ògbufọ̀, tí iṣẹ́ tirẹ̀ jẹ́ láti so àwọn ègé pọ̀ di odidi. Ìgbà tí gbogbo èyí bá parí ni òǹkọ̀wé ètò tó lè dán iṣẹ́ rẹ̀ wò. Bí ó bá wá jẹ́ pé àmì kékeré kan ni ó gbàgbé láti fi sí òpin gbólóhùn, ògbufọ̀ a kàn sọ fún un pé àṣìṣe wà ní ìlà báyìí-báyìí, a sì dákẹ́. Òun fúnra rẹ̀ ni yóò padà sínú ètò ìkọ̀wé, tí yóò wá ìlà náà rí, tí yóò tún un ṣe, tí yóò sì bẹ̀rẹ̀ ìrìn àjò náà láti ìbẹ̀rẹ̀.

Ẹ fi wé télọ̀ kan tí àlùmọ́gàjí rẹ̀ wà ní ilé ìyá rẹ̀, tí máṣíìnì rẹ̀ wà ní ọjà, tí áyọ́ọ̀nù rẹ̀ sì wà ní ilé ọ̀rẹ́ rẹ̀ lódìkejì odò. Gbogbo irinṣẹ́ rẹ̀ pé pérépéré, kò sì sí èyí tí ó bàjẹ́ nínú wọn. Síbẹ̀ ọ̀nà ni yóò máa jẹ ọjọ́ rẹ̀. Bí ó bá sì ní ọmọ ìkọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀, nígbà tí ọmọ náà yóò fi rí i pé òun gé apá ẹ̀wù kúrú, kò ní rántí bí òun ti mú àlùmọ́gàjí mọ́.

Ọmọ ilẹ̀ Denmark kan tí ń jẹ́ Anders Hejlsberg, tí a bí ní ọdún 1960, ni ó kó àwọn irinṣẹ́ yìí sábẹ́ òrùlé kan fún èdè Pascal. Ọ̀dọ́ ni nígbà náà. Ó kọ́kọ́ kọ ògbufọ̀ Pascal kan fún kọ̀ǹpútà tí àwọn ènìyàn ń fi ọwọ́ ara wọn tò pọ̀ nílé, ó sì ń tún un ṣe lọ títí ó fi bá àwọn ẹ̀rọ mìíràn mu. Ní òdìkejì òkun, ní ìpínlẹ̀ California ní Amẹ́ríkà, ọmọ ilẹ̀ Faransé kan, Philippe Kahn, àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń dá ilé iṣẹ́ kan sílẹ̀ tí wọ́n pè ní Borland. Borland gba ẹ̀tọ́ láti ta iṣẹ́ Hejlsberg, wọ́n sì fún un ní orúkọ tuntun. Ní oṣù kọkànlá ọdún 1983, Turbo Pascal kìíní dé ọjà.

Kí ni ó wà nínú rẹ̀? Pátákó ìkọ̀wé wà nínú rẹ̀, ògbufọ̀ wà nínú rẹ̀, àwọn ohun èlò tí ètò tí a kọ yóò nílò láti fi ṣiṣẹ́ sì wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú. Gbogbo rẹ̀ lápapọ̀ kò tó kílóbáìtì 40. Àwòrán kan ṣoṣo tí a fi fóònù yà lónìí a máa tóbi jù bẹ́ẹ̀ lọ ní ọ̀pọ̀ ìlọ́po. Ní kété tí ẹ bá pè é, yóò kọ́kọ́ béèrè bóyá kí òun kó àlàyé àwọn àṣìṣe wọlé. Bí ẹ bá ní kí ó má kó o, àyè díẹ̀ yóò kù sí i fún iṣẹ́ yín, ṣùgbọ́n nọ́ńbà àṣìṣe nìkan ni yóò máa fi hàn yín, kò ní sọ ohun tí ó túmọ̀ sí. Ẹ rí i bí àyè ti ṣọ̀wọ́n tó láyé ìgbà náà, tí a fi ń du ilẹ̀ pẹ̀lú ọ̀rọ̀ lásán.

Lẹ́yìn ìbéèrè yìí, àtòjọ ṣókí kan a yọ lójú ẹ̀rọ. Lẹ́tà kọ̀ọ̀kan ní iṣẹ́ tirẹ̀. Bí ẹ bá tẹ E, pátákó ìkọ̀wé ṣí. Bí ẹ bá tẹ C, ògbufọ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Bí ẹ bá tẹ R, ètò tí ẹ kọ bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. S ni a fi ń tọ́jú iṣẹ́, Q ni a fi ń jáde. Àwọn bọ́tìnì tí a ń tẹ̀ láti fi kọ̀wé jẹ́ irú èyí tí ó wà nínú WordStar, ètò ìkọ̀wé tí àwọn akọ̀wé ọ́fíìsì ti mọ̀ tẹ́lẹ̀, nítorí náà ọwọ́ ọ̀pọ̀ ènìyàn ti mọ ọ̀nà kí wọ́n tó débẹ̀.

Ohun tí ó ya àwọn ènìyàn lẹ́nu jù lọ ni ìyára rẹ̀. Ìdí mẹ́ta ni ó fi yára. Ìkínní, èdè tí ó sún mọ́ èdè ẹ̀rọ gan-an ni Hejlsberg fi kọ ọ́. Ìkejì, inú ìrántí ẹ̀rọ ni ó ti ń ka ọ̀rọ̀ yín, inú ìrántí kan náà ni ó sì lè kó ìtumọ̀ rẹ̀ sí, kò ní láti máa sáré lọ sáré bọ̀ sórí dísìkì. Ìkẹta, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni ó ń ka iṣẹ́ náà láti òkè dé ilẹ̀. Èdè Pascal fúnra rẹ̀ ni ó jẹ́ kí èyí ṣeé ṣe, nítorí òfin rẹ̀ ni pé ohunkóhun tí a bá fẹ́ lò, a gbọ́dọ̀ ti dárúkọ rẹ̀ ṣáájú. Ẹni tí a ti fi gbogbo àlejò hàn lẹ́nu ọ̀nà kò ní láti máa padà wá béèrè pé ta nìyí.

Wàyí o, bí àṣìṣe bá wà ńkọ́? Turbo Pascal a dúró níbi àṣìṣe àkọ́kọ́, a sọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀, ẹ ó tẹ bọ́tìnì kan, pátákó ìkọ̀wé a sì ṣí gan-an ní ibi tí àṣìṣe wà. Ẹ ó fi àmì tí ẹ gbàgbé sí i, ẹ ó tún tẹ lẹ́tà kan, ó di títún wò. Àwọn kan ṣàròyé nígbà náà pé àwọn ògbufọ̀ ńlá a máa to gbogbo àṣìṣe lẹ́sẹẹsẹ, wọ́n ní kí ló dé tí èyí ń mú un ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ìdáhùn rẹ̀ rọrùn. Ẹni tí yóò bá dúró fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni ó nílò kí a to gbogbo ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀ fún un lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹni tí kò ní ju ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ lọ, ọ̀kọ̀ọ̀kan tó o.

Àwọn àgbà sọ pé àṣìṣe kò kan ọgbọ́n. Ẹni tí ó gbọ́n jù lọ yóò gbàgbé àmì. Àǹfààní Turbo Pascal ni pé ó sọ àṣìṣe di ohun tí a ń tún ṣe, kò jẹ́ kí ó di ohun ìtìjú tí a ó sùn lé lórí. Ní òótọ́, àwọn kan nínú àwọn tí ó ti pẹ́ nídìí iṣẹ́ kò fara mọ́ èyí. Wọ́n ní ìdúró pẹ́ ni ó kọ́ àwọn láti ro ọ̀rọ̀ jinlẹ̀ kí àwọn tó kọ ọ́, pé ọmọ tí ó bá ń rí ìdáhùn kíá yóò di ẹni tí ń fọwọ́ tá a wò lásán. Òtítọ́ díẹ̀ wà nínú rẹ̀. Mo ti rí ọmọ tí ń yí àmì padà níbí, tí ń yí i padà lọ́hùn-ún, tí kò dúró ro ìdí rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ ṣírò àwọn tí ìdúró pẹ́ lé kúrò nídìí iṣẹ́ pátápátá. Àwọn tí ó farada á ni à ń gbọ́ ohùn wọn, àwọn tí ó sú kò sí nítòsí láti jẹ́rìí.

Ohun kejì tí ó mú kí irinṣẹ́ yìí tàn kálẹ̀ ni owó rẹ̀. Dọ́là 49 àti sẹ́ǹtì 95 ni wọ́n ń tà á, nígbà tí àwọn ògbufọ̀ Pascal tí àwọn ilé iṣẹ́ ńlá ń tà fún kọ̀ǹpútà IBM ń gba ọgọ́rọ̀ọ̀rún dọ́là. Borland polówó rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn BYTE, àwọn ènìyàn sì ń fi ìwé ránṣẹ́ béèrè fún un. Akẹ́kọ̀ọ́ lè tu owó jọ fún un. Olùkọ́ lè fi owó oṣù rẹ̀ rà á láìbéèrè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

Àdéhùn tí ó wà pẹ̀lú rẹ̀ náà yàtọ̀. Láyé ìgbà náà, àwọn ilé iṣẹ́ mìíràn a máa fi ìdè sára dísìkì kí a má baà lè dà á kọ, wọ́n á sì kọ àdéhùn tí lọ́yà nìkan lè tú. Borland kò fi ìdè kankan sí tirẹ̀. Ohun tí wọ́n sọ ni pé kí ẹ lò ó bí ìwé. Ẹ lè gbé e láti orí ẹ̀rọ kan sí òmíràn, ẹ lè yá ẹlòmíràn, bí ẹ ti lè yá ènìyàn ní ìwé. Kìkì pé kí ó má ṣe wà lọ́wọ́ ènìyàn méjì níbi méjì lẹ́ẹ̀kan náà, nítorí ìwé kan kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Òfin tí ọmọdé lè lóye ni, ẹni tí ó bá sì lóye òfin ni a lè retí pé yóò pa á mọ́.

Lọ́dún dé ọdún ni ilé yìí ń ní yàrá sí i. Ìkẹrin, tí ó jáde ní ọdún 1987, jẹ́ kí a lè pín ètò ńlá sí ìpín-ìpín, kí a tú ìpín kọ̀ọ̀kan lọ́tọ̀, kí iṣẹ́ má baà há sínú kílóbáìtì 64 mọ́. Ìkarùn-ún, ní ọdún 1988, mú olùṣọ́ kan wọlé, tí ó lè bá yín rin ètò ní ìlà kọ̀ọ̀kan, kí ẹ máa wo ohun tí ń lọ nínú rẹ̀ bí ó ti ń ṣiṣẹ́. Ní ọdún 1989, ìkarùn-ún àbọ̀ jáde, èyí tí ó jẹ́ kí a lè kó ìsọfúnni àti iṣẹ́ tí ó bá a rìn pọ̀ sínú àpò kan. Ìkẹfà jáde ní ọdún 1990, ìkeje ní ọdún 1992, èyí tí ń fi àwọ̀ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ya oríṣi ọ̀rọ̀ sọ́tọ̀ lójú ẹ̀rọ. Ní Amẹ́ríkà, láti ọdún 1984 títí dé ọdún 1998, Pascal ni èdè tí wọ́n fi ń ṣe ìdánwò ńlá kan nínú ìmọ̀ kọ̀ǹpútà fún àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ girama tí ń múra yunifásítì, nítorí náà Turbo Pascal wọ ọ̀pọ̀lọpọ̀ kíláàsì.

Ṣùgbọ́n kò sí irinṣẹ́ tí kò ní àbùkù. Nínú ìkeje ni ìpín kan wà tí a ń lò fún ojú ẹ̀rọ àti fún dídá ètò dúró díẹ̀. Kí ó lè mọ bí ẹ̀rọ ti yára tó, ìpín náà a máa ka iye ìgbà tí ẹ̀rọ lè yípo kí aago inú rẹ̀ tó lù lẹ́ẹ̀kan, a sì pín in sí ọ̀nà 55. Wọ́n ti ya àyè tí èsì yóò wọ̀ sílẹ̀, àyè náà kò sì gbà ju 65,535 lọ. Fún àwọn ẹ̀rọ ọdún 1992, àyè náà tó, ó sì ṣẹ́ kù. Ṣùgbọ́n kí ọdún 1990 sí òkè tó parí, ẹ̀rọ tuntun ti yára tó bẹ́ẹ̀ tí èsì kò fi gba inú àyè náà mọ́. Àwọn ètò tí kò ní àléébù kankan, tí ó ti ń ṣiṣẹ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún, bẹ̀rẹ̀ sí í ṣubú lójú ọ̀nà kí wọ́n tó ṣe ohunkóhun, àṣìṣe kejìlélọ́gọ́rùn-ún kọ́, àṣìṣe igba ni nọ́ńbà tí wọ́n ń kọ sílẹ̀. Ìyára tí irinṣẹ́ náà fi gba iyì ni ó wá fi í sínú wàhálà. Igi gogoro má gùn mí lójú, òkèèrè ni a ti ń wò ó. Ẹni tí ń kọ́lé ní láti bi ara rẹ̀ bí àwọn tí yóò gbé e yóò ti ga tó.

Báwo ni ó ṣe parí? Windows gba ayé kan, ojú ẹ̀rọ tí ó kún fún kìkì ọ̀rọ̀ sì di ti àtijọ́. Ní oṣù kejì ọdún 1995, Borland gbé Delphi jáde, tí ó jẹ́ ọmọ Turbo Pascal fún Windows. Ní ọdún 1996, Hejlsberg kúrò níbẹ̀ lọ sí Microsoft, níbi tí ó ti darí iṣẹ́ èdè C#, àti TypeScript tí ó jáde ní ọdún 2012. Nígbà tí ó yá, Borland fúnra rẹ̀ fi díẹ̀ nínú àwọn Turbo Pascal àtijọ́ sílẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́ fún ẹni tí ó bá fẹ́ ẹ. Iṣẹ́ Free Pascal, tí ó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1993, sì wà títí di òní, ẹnikẹ́ni lè gbà á láìsan kọ́bọ̀, ojú rẹ̀ sì jọ ti ìyá rẹ̀.

Ẹ̀yin olùgbọ́ mi, wọ́n ní bí ọmọdé bá ṣubú, a wo iwájú, bí àgbà bá ṣubú, a wo ẹ̀yìn. Mo ní kí a wo ẹ̀yìn díẹ̀ ni. Lónìí, ọ̀pọ̀ irinṣẹ́ fún kíkọ ètò jẹ́ ọ̀fẹ́, owó dọ́là 49 kò dènà ẹnikẹ́ni mọ́. Ṣùgbọ́n ọmọ tí ó fẹ́ kọ ètò rẹ̀ àkọ́kọ́ lè lo odidi ọjọ́ kan láti kó ìpín kan níhìn-ín, ìpín kan lọ́hùn-ún, kí ó so wọ́n pọ̀, kí ó san owó dátà lé wọn, kí ó tó kọ ìlà kan ṣoṣo. Àlùmọ́gàjí ti tún padà sí ilé ìyá, áyọ́ọ̀nù ti tún kọjá odò. Ẹ̀yin tí ń kọ́ ọmọ níṣẹ́, ìbáà ṣe iṣẹ́ kọ̀ǹpútà tàbí iṣẹ́ aṣọ, ẹ kó irinṣẹ́ jọ sójú kan fún ọmọ náà ní ọjọ́ tí ó bá kọ́kọ́ dé. Ẹ jẹ́ kí ó rí àṣìṣe rẹ̀ nígbà tí ọwọ́ rẹ̀ ṣì wà lórí rẹ̀. Ohun tí Turbo Pascal ṣe fún àìmọye ènìyàn nìyẹn, kò sì gbà ju kílóbáìtì 40 lọ nígbà tí ó bẹ̀rẹ̀.